Sẹ́ńsọ̀ Wo Ló Bàjẹ́ Nínú Jíìpù Yín?

Bí iná ẹ́ńjìnnì bá tàn nínú Toyota 4Runner ọdún 1996 sí 2002, ẹ má tíì sáré ra sẹ́ńsọ̀. Ihò tí wọ́n ń ki ẹ̀rọ àyẹ̀wò bọ̀ wà lábẹ́ dáṣíbọ́ọ̀dù, lọ́dọ̀ awakọ̀. Bí ẹ̀rọ náà bá gbé kóòdù P0335 jáde, sẹ́ńsọ̀ kíráńkì lọ̀rọ̀ kàn: iwájú ẹ́ńjìnnì ló wà, nísàlẹ̀, lẹ́gbẹ̀ẹ́ púlì ńlá, níbi tí ẹrẹ̀ ojú ọ̀nà ti ń ta sí i. Ẹ yọ ojú wáyà rẹ̀ wò ná. Bó bá ti dípẹtà, ẹ nù ún mọ́.

Sẹ́ńsọ̀ tó ń mọ ooru omi ńkọ́? Ẹ fi míta wọ̀n ọ́n. Bó bá tutù, ní 20°C, kó fún yín ní ohm 2,000 sí 3,000. Bó bá gbóná dé 80°C, kó wálẹ̀ sí 200 sí 400. Bí kò bá yí padà rárá, ó ti kú nìyẹn. Ó máa ń dùn mí gan-an bí rìwáyà bá ń pààrọ̀ ẹ̀yà ara ọkọ̀ láìwọn nǹkan kan. Owó oníbàárà ló ń ṣòfò.

Kí ẹ tó fọwọ́ kan wáyà, ẹ kọ́kọ́ yọ orí bátìrì.