Ọ̀gá Tó Kó Ara Rẹ̀ Níjàánu

 

Ní ọdún 1956, Tai Solarin àti Sheila ìyàwó rẹ̀ dá ilé-ẹ̀kọ́ Mayflower sílẹ̀ ní Ìkẹ́nnẹ́. Bí àwọn ọmọ ibẹ̀ ṣe ń kàwé ni wọ́n ń roko. Ṣòkòtò péńpé àti fìlà ni Solarin, ọ̀gá wọn, máa ń wọ̀, lásìkò tí kóòtù àti táì wà lọ́rùn ọ̀pọ̀ ẹlẹgbẹ́ rẹ̀. Kì í rán ọmọ ọlọ́mọ níṣẹ́ tí òun fúnra rẹ̀ kò lè fọwọ́ kàn. Lójú tèmi, ìdí nìyẹn tí ọ̀rọ̀ rẹ̀ fi wọ̀ wọ́n létí.

Ìkóra-ẹni-níjàánu nìyẹn, kì í sì í ṣe ọ̀rọ̀ àwọn olórí ńlá bíi gómìnà nìkan. Ìyá tó ní kí ọmọ lọ kàwé, olórí ni, bí òun náà bá lè gbójú kúrò lára fóònù. Ẹ wo ọ̀gá télọ̀ tó ní kí ọmọṣẹ́ dé ní aago méje, tí òun sì ń yọ ní aago mẹ́wàá. Àwọn ọmọ ti jókòó sẹ́nu ọ̀nà, ṣọ́ọ̀bù ṣì wà ní títì, àpò ọ̀gá ni kọ́kọ́rọ́ wà. Bó bá dé tán, ta ni yóò bá wí? Ohùn rẹ̀ ìbáà máa sán bí ààrá, wọn á kàn máa wò ó ni.

Ẹ̀yin ọ̀gá, ẹ̀yin òbí, mo bẹ̀ yín: kẹ́ ẹ tó bá ẹnikẹ́ni wí lónìí pé ó pẹ́, ẹ kọ́kọ́ tètè dé.