Muhsin Ertuğrul àti Àwọn Obìnrin Inú Ẹ̀wù Iná

Nílé tíátà kan ní Kadıköy, ní ìlú Istanbul, ọlọ́pàá ya wọlé wá mú ọmọge kan tó ń ṣeré. Àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ló ràn án lọ́wọ́ tó fi ráyè sá. Afife Jale lorúkọ rẹ̀. Kò sí ohun tó jí, kò sì sí ẹni tó lù. Mùsùlùmí ni, obìnrin ni, ó sì gun orí ìtàgé: ẹ̀ṣẹ̀ rẹ̀ nìyẹn. Láyé ìgbà náà, àwọn obìnrin Àméníà àti Gíríìkì ló ń ṣeré obìnrin ní Tọ́kì. Nígbà tó di 1921, ìjọba fòfin de àwọn Mùsùlùmí obìnrin pátápátá pé wọn ò gbọ́dọ̀ gun orí ìtàgé.

Ẹ̀yin olùgbọ́ wa, ọdún méjì péré lẹ́yìn òfin yẹn, Mùsùlùmí obìnrin méjì yọ gedegbe lójú sinimá. Muhsin Ertuğrul ló fi wọ́n síbẹ̀.

Istanbul ni wọ́n bí i sí ní 1892. Tíátà ló fẹ́ràn. Nítorí rẹ̀ ló ṣe lọ sí Paris, tó tún dé Berlin, níbi tó ti kọ́ iṣẹ́ fíìmù. Ní 1922 ló bẹ̀rẹ̀ sí í ya fíìmù fún ilé iṣẹ́ Kemal Film. Ojú rẹ̀ tètè rí nǹkan: nígbà tó ń ya Nur Baba, tí ìtàn rẹ̀ dá lórí àwọn ẹlẹ́sìn Bektaşi, àwọn ọmọ ẹ̀sìn náà ya bo ibi iṣẹ́, wọ́n sì tú wọn ká.

Kò torí ìyẹn káwọ́ lérí. Ateşten Gömlek ló kàn, èyí tí í ṣe Ẹ̀wù Iná. Halide Edib, obìnrin tó bá àwọn ọmọ ogun lọ sójú ogun òmìnira Tọ́kì, ló kọ ìwé tí wọ́n fi ṣe é. Nínú ìtàn náà, wọ́n pa ọkọ obìnrin kan tó ń jẹ́ Ayşe àti ọmọ rẹ̀ ní Izmir. Ó wá di nọ́ọ̀sì tó ń tọ́jú àwọn tó fara gbọgbẹ́. Ta ló máa ṣe Ayşe? Halide Edib ní àfi obìnrin Tọ́kì. Bedia Muvahhit, ìyàwó òṣèré kan, gbà á ṣe. Neyyire Neyir, tó wá di aya Ertuğrul lẹ́yìn náà, ṣe obìnrin mìíràn nínú ìtàn náà, Kezban.

Nígbà tí wọ́n gbé e jáde ní oṣù kẹrin 1923, àwọn sójà òyìnbó ṣì wà nínú Istanbul. Ẹ fojú inú wò ó: ìtàn ogun òmìnira lójú sinimá, sójà àjèjì ní ìgboro.

Ertuğrul náà ló ya fíìmù Tọ́kì àkọ́kọ́ tó ń sọ̀rọ̀, ní 1931, àti aláwọ̀ mèremère àkọ́kọ́, ní 1953. Àwọn kan ń bá a wí pé eré orí ìtàgé lásán ló ń yà, pé kò sì fẹ́rẹ̀ẹ́ sí olùdarí mìíràn títí di 1939. Òótọ́ wà níbẹ̀: ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn, tí tíátà bá ti gba ìsinmi, ló máa ń kó àwọn òṣèré rẹ̀ lọ ya fíìmù. Síbẹ̀, Ẹ̀wù Iná nìkan tó láti fi rántí rẹ̀.

Ní oṣù keje ọdún 1923 yẹn, Bedia ṣeré lórí ìtàgé ní Izmir, Mustafa Kemal, olórí ogun òmìnira náà, fúnra rẹ̀ jókòó, ó ń wò ó. Ọlọ́pàá kankan kò wọlé. Ní ti Afife Jale, ilé ìwòsàn àwọn alárùn ọpọlọ ní Bakırköy ló kú sí, ní 1941.